Igbó tí Àkókò Ti Tán: Lórí The Crystal World ti J. G. Ballard

Láti ìgbà tí H. G. Wells ti gbé ìwé rẹ̀, The Time Machine, jáde ní 1895, ẹ̀rọ ni àwọn tí ń kọ ìtàn àròsọ onísáyẹ́ǹsì sábà máa ń lò bí wọ́n bá fẹ́ yí ìrìn àkókò padà. Ẹ̀dá-ìtàn yóò jókòó sórí ẹ̀rọ, yóò fa ọ̀pá kan, yóò sì bá ara rẹ̀ ní ayé àtijọ́ tàbí ní ayé tí a kò tíì dé. Wells yìí kan náà dán oògùn wò ní 1901, nínú ìtàn kúkúrú kan tí ó pè ní "The New Accelerator": ara ẹni tí ó bá mu oògùn náà yóò yá tó bẹ́ẹ̀ tí gbogbo ayé yóò fi dà bí ohun tí ó dúró sójú kan lójú rẹ̀. Yálà ẹ̀rọ ni o, yálà oògùn ni, ọmọ ènìyàn ni ó ṣe é, ọmọ ènìyàn náà ni ó sì ń darí rẹ̀.

J. G. Ballard kò gba ọ̀nà yìí. Nínú The Crystal World, ìwé tí ilé-iṣẹ́ Jonathan Cape tẹ̀ jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1966, àkókò kì í ṣe ọ̀nà tí a ń tọ̀. Èròjà ni, gẹ́gẹ́ bí omi ti jẹ́ èròjà tí iyọ̀ sì jẹ́ èròjà. Ó lè pọ̀ níbì kan kí ó sì wọ́n níbòmíràn, ó lè jò dànù, ó sì lè tán. Láti ojú ọ̀run lọ́hùn-ún ni ohun tí ń jẹ ẹ́ run ti ń bọ̀, kò sì sí ẹni tí ó ránṣẹ́ pè é. Igbó kan ní Kamẹrúùnù, ilẹ̀ tí ó bá wa pààlà, ni ó balẹ̀ sí. Ibi tí òǹkọ̀wé gbé e sọ̀ yìí ni mo fẹ́ fi ọ̀rọ̀ mi lé lórí jù, nítorí pé lójú tèmi, ibẹ̀ ni agbára ìwé náà wà, ibẹ̀ náà ni ohun tí ó ń kọni lóminú nínú rẹ̀ wà.

Ìtàn náà kò ṣòro láti sọ. Dókítà Edward Sanders, òyìnbó tí ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìwòsàn àwọn alárùn ẹ̀tẹ̀ ní Fort Isabelle, wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Port Matarre. Ó ń wá ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan, Max Clair, àti Suzanne aya ọ̀rẹ́ náà, ẹni tí òun àti Sanders ti jọ fẹ́ra ní ìkọ̀kọ̀ nígbà kan rí. Tọkọtaya náà wà ní agbègbè Mont Royal, níbi tí wọ́n ti ń wa òkúta olówó iyebíye. Kí òǹkàwé má wulẹ̀ wá Port Matarre tàbí Mont Royal lórí máàpù, Ballard ni ó sọ wọ́n lórúkọ bẹ́ẹ̀. Sanders bá a pé ọ̀nà igbó ti dí, pé àwọn ológun wà níbẹ̀, àti pé kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́ ni àwọn ènìyàn ń fi ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sọ láàárín ara wọn. Nígbà tí ó wọ inú igbó náà nígbẹ̀yìn, ó rí ohun tí wọ́n ń fi pa mọ́. Ewé, ìtàkùn, ẹyẹ, ọ̀nì, ilé àti ènìyàn, gbogbo wọn ni ó ń di kírísítálì, tí wọ́n ń kọ mànà bí ẹni pé a fi dígí aláwọ̀ òṣùmàrè bò wọ́n láti orí dé ẹsẹ̀.

Àlàyé tí ìwé náà ṣe nípa rẹ̀ rọrùn ju bí ó ti ń dún létí lọ. Ní ọ̀nà jíjìn réré, nínú agbo ìràwọ̀ Andromeda tí àwọn onímọ̀ ń pè ní M31, ohun kan ti ń ṣẹlẹ̀ tí ó ń tú òdì àkókò jáde. A mọ̀ pé bí èròjà bá pàdé òdì rẹ̀, àwọn méjèèjì yóò pa ara wọn rẹ́. Ballard ní bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ti àkókò: nígbàkigbà tí ẹyọ kan nínú rẹ̀ bá kọlu òdì rẹ̀, iye àkókò tí ayé ní yóò dín díẹ̀. Ohun tí àkókò rẹ̀ ń tán kò lè nà lọ sí ọjọ́ iwájú mọ́, nítorí náà yóò máa nà sí ẹ̀gbẹ́. Yóò máa ṣe ẹ̀dà ara rẹ̀ lé ara rẹ̀ lórí ní ipele ipele. Ẹni tí ó bá ti po ṣúgà sínú omi gbígbóná títí omi náà kò fi gbà á mọ́, tí ó sì jẹ́ kí ó tutù, yóò ti rí bí ṣúgà ṣe ń padà dì sí etí ife. Irú àfiwé yìí ni ìwé náà fúnra rẹ̀ lò.

Èyí kì í ṣe sáyẹ́ǹsì, ṣùgbọ́n kò jìnnà sí ohun tí àwọn onísáyẹ́ǹsì gidi ti sọ. Ìṣirò Paul Dirac ní 1928 ni ó ṣínà fún èrò pé èròjà lè ní òdì. Ní 1932 Carl Anderson rí positron, tí í ṣe òdì electron. Nígbà tí ó di 1949, Richard Feynman fi hàn pé a lè ṣírò positron bí ẹni pé electron kan ni, tí ó ń rìn padà sẹ́yìn nínú àkókò. Ballard kàn gbé ìsọ yẹn kúrò nínú ìṣirò, ó fi sínú igbó. Ó yẹ kí n fi kún un pé ní 2012 Frank Wilczek, tí ó ti gba ẹ̀bùn Nobel, dábàá ohun kan tí ó pè ní kírísítálì àkókò, àti pé ní 2017 a tẹ ìròyìn àwọn àkọ́kọ́ irú rẹ̀ tí a ṣe ní yàrá ìwádìí jáde. Orúkọ nìkan ni ó pa wọ́n pọ̀. Èyí tí Wilczek ń sọ kì í yé padà sí ìṣesí kan náà léraléra. Ti Ballard dúró gbọn-in ni.

Ohun tí ó mú ìwé yìí ga ju ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀ lọ ni pé ibi tí ó ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ wuni. Nínú ìtàn àjálù tí a ti ń kà, bí nǹkan àjèjì bá wọ ìlú, sísá ni gbogbo ènìyàn ń sá. Níhìn-ín, àwọn ènìyàn ń wọlé tọ̀ ọ́ lọ. Ẹni tí ó bá di kírísítálì kò kú, bẹ́ẹ̀ ni a kò sì lè sọ pé ó wà láàyè. Ara rẹ̀ kì í jẹrà, àrùn rẹ̀ kì í tẹ̀ síwájú, ọgbẹ́ rẹ̀ kì í dẹ. Obìnrin kan wà níbẹ̀ tí ikọ́ ẹ̀gbẹ ń ṣe, Serena, tí ọkọ rẹ̀ àtijọ́, Ventress, àti ọ̀gá ibi ìwakùsà, Thorensen, ń yìnbọn fún ara wọn nítorí rẹ̀. Suzanne ti kó àrùn ẹ̀tẹ̀, ó sì ń ṣáájú agbo àwọn alárùn náà wọ inú ìmọ́lẹ̀ náà lọ. Àlùfáà kan, Balthus, yàn láti dúró sínú ṣọ́ọ̀ṣì rẹ̀ títí dígí yóò fi bò ó. Àwa tí a ń tọrọ àìkú baálẹ̀ ọrọ̀ ní òwúrọ̀ àti ní alẹ́, kò yẹ kí ó yà wá lẹ́nu pé ènìyàn lè fẹ́ irú rẹ̀. Ìbéèrè tí Ballard ń bi wá ni pé, bí wọ́n bá fún wa ní àìkú náà láìfi ìrìn, oúnjẹ àti ìbínú kún un, ṣé a ó gbà á?

Nǹkan méjì péré ni ó lè dá ohun náà dúró. Èkíní ni ìrìn: ẹni tí ó bá ń sáré, tàbí tí ó wà nínú omi tí ń ṣàn, kò ní tètè dì. Èkejì ni òkúta olówó iyebíye, nítorí pé àkókò ti wà ní ìdìpọ̀ nínú dáyámọ́ǹdì àti emerald láti ayébáyé. Bí a bá gbé wọn sún mọ́ ohun tí ó ti dì, wọn a máa tú àkókò sínú rẹ̀, yóò sì máa yọ́. Àgbélébùú tí a to òkúta wọ̀nyí sí lára ni Sanders fi rọ́nà jáde nínú igbó. Mo gbádùn ọgbọ́n yìí púpọ̀. Ohun tí àwọn òyìnbó torí rẹ̀ wá sí Mont Royal, tí wọ́n ń wà lójoojúmọ́ tí wọ́n sì ń kó lọ, òun gan-an ni ìwé náà wá sọ di àkókò tí ó kù nílẹ̀ náà. Bóyá òǹkọ̀wé mọ ohun tí ó ń sọ níbẹ̀, bóyá kò mọ̀, ọ̀rọ̀ náà wà lójú ìwé fún ẹni tí ó bá fẹ́ kà á.

Ìṣẹ̀lẹ̀ tí n kò lè gbàgbé nínú ìwé náà ni ti Ọ̀gágun Radek. Sanders bá a níbi tí ó nà sílẹ̀ sí, tí kírísítálì ti bo ara rẹ̀. Dókítà ni Sanders, ojúṣe rẹ̀ sì ni láti gba ẹ̀mí là. Ó fà á tu kúrò nílẹ̀, ó so ó mọ́ igi, ó sì tì í sínú odò kí omi lè yọ́ ohun tí ó bò ó. Nígbà tí wọ́n tún pàdé, Radek ń ta gọ́ọ́gọ̀ọ́ bọ̀, apá ibi tí a ti fà á tu ti ya lọ pẹ̀lú ẹran ara rẹ̀, ẹ̀bẹ̀ tí ó sì ń bẹ̀ ni pé kí wọ́n dá òun padà síbi tí wọ́n ti gbé òun. Nínú ìwé tí ó kún fún ẹwà, ibí yìí nìkan ni a ti fojú kan iye tí ẹwà náà ń gbà lọ́wọ́ ẹni, Ballard kò sì fi ọ̀rọ̀ dídùn bò ó. Bí ìwé náà bá ti rí bẹ́ẹ̀ jálẹ̀jálẹ̀, ǹ bá má ní ẹjọ́ kankan láti rò.

Ẹjọ́ mi ni ti ibùdó ìtàn. Kí ìwé yìí tó wà, ìtàn kúkúrú kan ti wà. Ní May 1964, The Magazine of Fantasy and Science Fiction ní Amẹ́ríkà tẹ "The Illuminated Man" jáde. Òdì àkókò kan náà ni, igbó dígí kan náà ni, ṣùgbọ́n Florida ni ó ti ṣẹlẹ̀, nínú irà tí wọ́n ń pè ní Everglades. Ní ọdún 1964 yẹn kan náà ni New Worlds ní Lọ́ńdọ̀nù bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ "Equinox" jáde ní ìdá ìdá, èyí tí ó di The Crystal World lẹ́yìn náà. Nígbà tí ìtàn náà sì fi di ìwé, ó ti kúrò ní Florida, ó ti dé Kamẹrúùnù. Everglades àti irà Pripet ní Soviet Union ṣì wà nínú ìwé náà, ṣùgbọ́n ìròyìn láti òkèèrè ni wọ́n dà, bí ohun tí a gbọ́ lórí rédíò.

Kí ni ó dé tí ó fi kó lọ? Èrò tèmi ni pé Florida ní àkókò púpọ̀ jù fún ohun tí Ballard fẹ́ ṣe. Ilẹ̀ Florida ní ọjọ́ àti oṣù, ó ní tẹlifóònù, ó ní gómìnà, ó ní ẹni tí yóò béèrè pé ta ni ó ni ilẹ̀ tí ó di dígí yìí. Bí a bá fẹ́ ibi tí àkókò yóò tán tí ọkàn òǹkàwé òyìnbó kò sì ní ṣiyèméjì, Áfíríkà ni ó yá jù, nítorí wọ́n ti sọ fún un tipẹ́ pé kò sí àkókò níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Hegel ti wí bẹ́ẹ̀ nínú àwọn ìdánilẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lórí ìtàn ayé. Ní 1963, ọdún kan kí ìtàn Ballard tó jáde, Hugh Trevor-Roper, ọ̀jọ̀gbọ́n ìmọ̀ ìtàn ní Oxford, tún un sọ nínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tí BBC gbé sáfẹ́fẹ́, pé ìtàn àwọn òyìnbó tí ó wá sí Áfíríkà nìkan ni a lè kọ́ni, pé òkùnkùn ni ìyókù. Lọ́dún yẹn, iṣẹ́ Samuel Johnson lórí ìtàn àwọn Yorùbá ti pé ọdún 42 tí a ti tẹ̀ ẹ́ jáde. Èmi kò ní ẹ̀rí pé Ballard fetí sí ọ̀jọ̀gbọ́n náà. Irú èrò bẹ́ẹ̀ kò sì nílò ẹni tí yóò máa pín in kiri. Ó wà nínú afẹ́fẹ́ tí gbogbo wọn ń mí.

Èyí ni ó mú kí àwọn ọmọ ilẹ̀ náà rí bí wọ́n ti rí nínú ìwé. Wọ́n ń tukọ̀, wọ́n ń ru ẹrù, wọ́n ń sin ọ̀gá, wọ́n ń ṣàìsàn. Ojú Sanders ni a fi ń wo gbogbo nǹkan, ojú náà kì í sì í pẹ́ lára wọn. Àwọn alárùn ẹ̀tẹ̀ tí wọ́n jó wọ inú igbó dígí náà pọ̀ níye, síbẹ̀ n kò gbọ́ lẹ́nu ọ̀kan nínú wọn ìdí tí ó fi yan ohun tí ó yàn. Ti Suzanne ni mo gbọ́. Ti Balthus ni mo gbọ́.

Chinua Achebe ti kọ́ wa bí a ṣe ń ka irú ìwé báyìí. Nínú ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tí ó ṣe ní Yunifásítì Massachusetts ní Amherst ní 1975, ó ní Conrad sọ odindi ilẹ̀ Áfíríkà di aṣọ ìkélé tí a ta sẹ́yìn òyìnbó kan tí orí rẹ̀ ń dàrú. Ballard náà jẹ nínú àwo Conrad: odò ni, ọkọ̀ ojú omi ni, òyìnbó tí ń wá òyìnbó ni. Ṣùgbọ́n n kò ní gbà pẹ̀lú ẹni tí ó bá torí èyí pa ìwé náà dé. Ballard kò pe ẹnikẹ́ni ní ẹhànnà. Ó tún yí ọ̀rọ̀ Conrad po: òkùnkùn wà ní èbúté níbi tí ìwé ti bẹ̀rẹ̀, inú igbó sì ni ìmọ́lẹ̀ wà, ìmọ́lẹ̀ yìí sì ni ewu. Sanders gan-an fura sí ara rẹ̀ pé bóyá kì í ṣe àánú ni ó gbé òun dé ọ̀dọ̀ àwọn adẹ́tẹ̀. Òǹkọ̀wé tí ó lè sọ irú èyí nípa akọni rẹ̀ kì í ṣe òmùgọ̀. Ohun tí mo ń wí ni pé ó yá igbó onígbó láti fi ro tirẹ̀, kò sì wo inú ilé kí ó tó jókòó.

Tiwa ń kọ́? Igbó pọ̀ nínú lítíréṣọ̀ Yorùbá, ohun tí ń ṣẹlẹ̀ nínú wọn kò sì bá ti ayé mu. Síbẹ̀ àkókò kì í tán níbẹ̀. Nínú Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ tí Fágúnwà gbé jáde ní 1938, Àkàrà-oògùn lọ, ó bọ̀, ó tún lọ. Nígbà tí òun àti àwọn ọdẹ ẹgbẹ́ rẹ̀ sì dé ọ̀dọ̀ Ìrágbèje, ọjọ́ méje ni wọ́n lò, a sì mọ ohun tí wọ́n gbọ́ lójoojúmọ́. Ó padà wálé, ó wá akọ̀wé tí yóò bá òun kọ ọ́ sílẹ̀. Ọmọ tí Amos Tutùọlá tì wọ igbó nínú My Life in the Bush of Ghosts ní 1954 kò ju ọmọ ọdún 7 lọ; ọdún 24 ni ó lò níbẹ̀, ó gbéyàwó, ó bímọ, ó jìyà, ó sì dàgbà. Àwọn òkú àti iwin ni ó yí i ká, síbẹ̀ kò sí ọdún kan tí ó sọnù nínú ìṣirò náà. Mo mọ̀ pé ẹnìkan lè sọ pé n kò ṣe òdodo, pé ìtàn àjẹmọ́-ìrìnàjò ni tiwọn, pé àlá ni ti Ballard. Ó lè rí bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ń lá àlá náà sọ orúkọ ilẹ̀ tí ó ti lá a, ilẹ̀ náà sì ní ọjọ́ tirẹ̀ lórí kàlẹ́ńdà.

Ìwé náà mẹ́nu ba ọ̀tẹ̀ kan tí ó ti ṣẹlẹ̀ rí ní agbègbè Mont Royal, ó sì kọjá lọ. Nínú igbó Kamẹrúùnù tòótọ́, ogun ń lọ lọ́wọ́ ní gbogbo ọdún tí Ballard fi ń kọ̀wé. Ẹgbẹ́ UPC, tí a dá sílẹ̀ ní 1948 láti béèrè òmìnira, ni ìjọba Faransé fi òfin dè ní 1955. Olórí rẹ̀, Ruben Um Nyobé, sì wọ inú igbó Sanaga-Maritime lọ. Ní September 13, 1958, àwọn ọmọ ogun Faransé yìnbọn pa á nítòsí Boumnyebel, tí í ṣe ìlú rẹ̀. Wọ́n wọ́ òkú rẹ̀ nílẹ̀ títí ojú rẹ̀ fi bàjẹ́. Nígbà tí wọ́n fẹ́ sin ín ní Éséka, wọ́n da kọnkéré lé e lórí títí ó fi di òkúta kan ṣoṣo. Òmìnira dé ní January 1, 1960, ogun kò tán. Títí di January 1971 tí wọ́n yìnbọn pa Ernest Ouandié ní gbangba ní Bafoussam, àwọn kan ṣì wà nínú igbó.

Èmi kò sọ pé Ballard ní èyí lọ́kàn. Kò jọ bẹ́ẹ̀ rárá. Ṣùgbọ́n n kò lè ka ti Radek mọ́, tí òkúta bo ara rẹ̀ nílẹ̀ Kamẹrúùnù, kí n má rántí ẹni kejì, tí òkúta tirẹ̀ kò ti Andromeda wá, tí àwọn tí ó dà á lé e sì mọ ohun tí wọ́n fẹ́: kí ẹnikẹ́ni má lè rí i, kí orúkọ rẹ̀ má sì ní ọ̀la. Fún ọdún gbọọrọ lẹ́yìn òmìnira, ó léwu láti dárúkọ Um Nyobé ní gbangba nílùú rẹ̀. Sanders, ní tirẹ̀, wọ ọkọ̀ ní òpin ìwé náà, ó sì padà gba orí odò lọ sínú igbó, láti lọ bá àwọn tí kò ní àkókò mọ́. December 1991 ni òfin Kamẹrúùnù tó dá orúkọ Um Nyobé padà, tí ó kà á mọ́ àwọn akọni orílẹ̀-èdè náà.